Ọkùnrin Tó Borí Nínú Ẹjọ́ Ilé-Ìwé Sykes

Bí odindi ìjọ bá gba ààwẹ̀ nítorí ohun kan, tí Ọlọ́run sì ṣe ohun náà gẹ́lẹ́ bí wọ́n ṣe tọrọ rẹ̀, tí ohun náà wá di ẹkún fún àwọn ọmọ wọn, ọrùn ta ni kí a gbé ẹ̀bi náà kọ́? Mo bi pásítọ̀ wa, ó ka ẹsẹ Bíbélì kan fún mi. Ẹsẹ náà dára. Mo ń kà á láràárọ̀, mi ò sì tíì rí ìdáhùn níbẹ̀.

Ẹni tí ọ̀rọ̀ náà kàn jù lọ kì í bi Ọlọ́run. Ara rẹ̀ ló ń bi. Cleotha Rudd ni orúkọ rẹ̀, ọmọ bíbí Harlow Bend ni, níhìn-ín ní Mississippi, níbi tí ilẹ̀ ti tẹ́jú bí àwo, tí adágún ẹja àrọ̀ sì ti gba ibi tí òwú wà tẹ́lẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n ni ní kọ́lẹ́ẹ̀jì àwọn dúdú kan tó tó ìrìn wákàtí méjì sí wa. Bí a bá ní ká la iṣẹ́ rẹ̀ yé ọmọdé, ohun tó ń wádìí ni bóyá òfin tó sọ pé dúdú àti funfun dọ́gba ti dé inú kíláàsì, àbí inú ìwé òfin ló ṣì jókòó sí. Àwọn lọ́yà tó ń gbèjà ẹ̀tọ́ wa máa ń pè é kó wá jẹ́rìí. Ìjọba náà ti pè é rí. Ó ti kọ ìwé méjì, a sì gbé méjèèjì sínú àpótí onígíláàsì lẹ́nu ọ̀nà ìjọ Mount Nebo, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò dá mi lójú pé ẹnikẹ́ni ti ṣí wọn.

Ìyá rẹ̀ kú kó tó dá ojú rẹ̀ mọ̀. Ẹ̀gbọ́n ìyá náà, Earnestine Pegues, ló tọ́ ọ dàgbà. Alásè ni ní Sykes, ilé-ìwé girama kan ṣoṣo tó wà ní ìsàlẹ̀ ojú irin, lápá ibi tí àwa dúdú ń gbé. Ọmọ tí àǹtí rẹ̀ ń dáná fún gbogbo ilé-ìwé kò ríbi fara pamọ́ sí. Bí Cleotha bá gba máàkì tí kò dára láàárọ̀, ìròyìn á ti dé ìdí ìkòkò kí agogo ọ̀sán tó lù, Àǹtí Earnestine á sì bu èérún búrẹ́dì àgbàdo sínú àwo fún un. Á ní, "Ẹni tó bá mú èérún wá bá mi, èérún ló máa jẹ."

Bóyá ibẹ̀ ló ti kọ́ bó ṣe ń ṣiṣẹ́. Tó bá dé ilé-ìwé tí wọ́n ní kó wádìí, kì í kọ́kọ́ wọ ọ́fíìsì ọ̀gá. Yàrá oúnjẹ ló ń lọ. Á jókòó sí kọ̀rọ̀, á máa wo ẹni tó jókòó ti ẹnì kejì. Lẹ́yìn náà á ṣí páálí ìwé àwọn ọmọ, á wo orúkọ àwọn tó ti lo ìwé náà ṣáájú wọn. Nígbà tiẹ̀ ní Sykes, àlòkù àwọn ọmọ òyìnbó tó wà lókè ojú irin ni gbogbo ìwé wọn. Ọmọbìnrin òyìnbó kan tilẹ̀ kọ ọ́ sínú ìwé ìṣirò kan pé ìwé náà ń rùn kí ó tó kúrò lọ́wọ́ òun, ìwé yẹn gan-an ló sì kan Cleotha. Odindi ọdún kan ló fi ń gbóòórùn rẹ̀ nígbàkigbà tó bá fẹ́ ṣí i. Ó sọ ìtàn yìí fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ lọ́dọọdún, wọ́n sì máa ń rẹ́rìn-ín. Òun náà á rẹ́rìn-ín díẹ̀.

Ẹjọ́ Harlow Bend ti wà ní kóòtù kí wọ́n tó bí i. Àwọn òbí kan ló pe ìgbìmọ̀ ilé-ìwé lẹ́jọ́ pé wọ́n ń ya dúdú sọ́tọ̀ kúrò lára funfun, ẹjọ́ náà sì ń bẹ níbẹ̀ bí àgbàlagbà tí kò kú tí kò sì dìde. Adájọ́ kan lọ, òmíràn dé. Nígbà tó yá, èyí tó dé gbẹ̀yìn fẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà tán, ó ní kí àwọn lọ́yà wa mú onímọ̀ wá tó máa sọ ohun tí kóòtù yóò pa láṣẹ. Cleotha Rudd ni wọ́n mú wá. Ọmọ wa ni. Inú Mount Nebo dùn débi pé gbogbo ọ̀sẹ̀ yẹn ni a ò fi jẹun títí di ọ̀sán, tí a ń bẹ Ọlọ́run kó fi ọ̀rọ̀ sí i lẹ́nu.

Ọlọ́run fi ọ̀rọ̀ sí i lẹ́nu. Bí ẹ bá rí i lọ́jọ́ náà, nínú ẹ̀wù kóòtì aláwọ̀ eérú tí àǹtí rẹ̀ lọ̀ fún un. Ó sọ bí òrùlé Sykes ṣe ń jò. Ó sọ nípa yàrá sáyẹ́ǹsì tí kò ní omi. Lọ́yà ìgbìmọ̀ ilé-ìwé, òyìnbó kan tí ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ pọ́n, gbé ìbéèrè kalẹ̀ bí ìdẹkùn, Cleotha sì ń gbẹ́sẹ̀ kọjá lórí wọn wẹ́rẹ́ bí ẹni ń fo kòtò. Ó ní ilé-ìwé kan ṣoṣo ló yẹ kó wà ní Harlow Bend, kí dúdú àti funfun jọ wà níbẹ̀. Adájọ́ bi í pé ilé wo. Ó ní èyí tó wà lókè ojú irin, nítorí pé ibẹ̀ ni òrùlé tó dára wà.

Adájọ́ náà, bàbá arúgbó tó ní ohùn tẹ́ẹ́rẹ́, wá bi í ní ìbéèrè kan sí i. Ó ní, "Ọ̀jọ̀gbọ́n, tí mo bá ní kí wọ́n ti Sykes pa, kí ni àwọn èèyàn yín máa pàdánù?"

Cleotha dáhùn láìronú. "Kò sí ohun kan tó ṣeé wọ̀n, sà."

Àǹtí Earnestine wà ní ìjókòó kejì, ó dé àkẹtẹ̀ ọjọ́ Àjíǹde rẹ̀. A borí, a sì ń kọrin bọ̀ lórí àtẹ̀gùn kóòtù. Nílé, àǹtí náà gé páì ànàmọ́ fún un, ó ní ó dúró ṣánṣán, ó sì sọ̀rọ̀ ketekete.

Wọ́n ti Sykes pa ní ìgbà ooru tó tẹ̀ lé e. Nígbà tí ilé-ìwé máa fi wọlé, ìdajì àwọn ọmọ òyìnbó ti lọ sí ilé-ìwé aládàáni tí àwọn bàbá wọn àgbà kọ́ lọ́dún tí kóòtù kọ́kọ́ ní kí a jọ kàwé. Kò pẹ́, ìdajì tó kù tẹ̀ lé wọn. Ìgbìmọ̀ ní ilé-ìwé kan kò nílò ẹgbẹ́ onífèrè méjì, ni wọ́n bá dá olórí ẹgbẹ́ onífèrè ti Sykes dúró, Thaddeus Ivory, tó jẹ́ pé bí àwọn ọmọ rẹ̀ bá ń rìn lọ lójú títì, àwọn ológbò gan-an á bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀nà. Wọ́n ní wọn ò nílò alásè mọ́, ilé-iṣẹ́ kan yóò máa gbé oúnjẹ wá nínú páálí. Bí Àǹtí Earnestine ṣe kúrò lẹ́nu iṣẹ́ nìyẹn, kò sẹ́ni tó gé páì fún un.

Cleotha kò tètè mọ̀. Ẹjọ́ náà ti sọ ọ́ di ẹni ńlá, àwọn ìlú mìíràn ń pè é, ó ń lọ. Ọjọ́ kan ṣáá ló wá sílé láti wá lo òpin ọ̀sẹ̀ Àpèjọ Ọmọ Ilé, èyí tí gbogbo ọmọ Mount Nebo tó wà lẹ́yìn odi máa ń wá fún. Ó wakọ̀ kọjá ní ìsàlẹ̀ ojú irin ní àárọ̀ ọjọ́ Ẹtì, ilẹ̀ kò tíì mọ́, ó sì rí àwọn ọmọ tí ì bá máa fẹsẹ̀ rìn lọ sí Sykes lẹ́bàá kòtò, wọ́n ń dúró de bọ́ọ̀sì. Ọ̀kan ń sùn lórí ìnàró, ó fi orí ti báàgì ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

Ó tẹ̀ lé bọ́ọ̀sì náà. Ọ̀nà jíjìn ni, nítorí bọ́ọ̀sì náà ń yípo gbogbo adágún ẹja kó tó gun òkè ojú irin. Nígbà tó di ọ̀sán, ó wọ yàrá oúnjẹ, ó jókòó sí kọ̀rọ̀ bí ìṣe rẹ̀, kó wo ẹni tó jókòó ti ẹnì kejì. Kò sí ohun tó fẹ́ wò. Ọmọ dúdú ló wà ní gbogbo tábìlì, wọ́n ń ṣí oúnjẹ páálí. Ó bẹ ọmọ kan kó jẹ́ kí òun rí ìwé rẹ̀. Ìwé tuntun ni, ó ń dán. Ó ṣí páálí rẹ̀, kò bá orúkọ ẹnikẹ́ni níbẹ̀.

Ó ní ìgbà yẹn ni nǹkan kan jókòó lé òun láyà, kò sì tíì dìde.

Lọ́jọ́ Ìsinmi tó tẹ̀ lé e, nígbà tí àkókò ìjẹ́rìí tó, Cleotha dìde. Ẹ̀rù bà á. Ó ti pinnu pé òun máa sọ ọ́ síta kí àwọn tí òun ṣẹ̀ lè bá òun wí. Ó ní, "Ẹ̀yin ará, mo ti ṣe ohun kan tó burú sí yín."

Ẹni tí kò bá dàgbà sí ìjọ wa kò ní mọ̀ pé ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti bàjẹ́. Níbí, a kì í jẹ́ kí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ dá rìn. Bí ohùn rẹ̀ bá gbọ̀n, a ó tì í lẹ́yìn. Lápá òsì, níwájú, níbi tí àwa díákónì ń jókòó sí, tí wọ́n ń pè ní Igun Àmín, ẹnì kan dáhùn pé, "Fara balẹ̀, ọmọ." Ìjọ dáhùn pé, "Bẹ́ẹ̀ ni." Cleotha ní òun ló ti Sykes pa. Wọ́n ní, "Jésù, ràn án lọ́wọ́." Ó ní ọ̀rọ̀ ẹnu òun ni. Wọ́n ní, "Máa sọ ọ́ lọ." Ọkùnrin tó ń lu dùùrù fún wa, tí òrùka wà ní ìka rẹ̀ mẹ́wẹ̀ẹ̀wá, ti ń fi ìka wá ohùn Cleotha kiri, nígbà tó sì rí i, ó gbé e. Ìyá ìjọ méjì ti wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ pẹ̀lú abẹ̀bẹ̀. Nígbà tó fi jókòó, àwọn kan ti ń jó, ó sì jẹ́ ìjẹ́rìí tó dùn jù lọ lọ́jọ́ yẹn. Lẹ́yìn ìsìn, a fún un ní àwo idẹ kan tí a fín orúkọ rẹ̀ sí, nítorí ìfẹ́ tó ní sí ìlú rẹ̀.

Ó gbé àwo náà sẹ́yìn mọ́tò, ó sì dojú rẹ̀ délẹ̀.

Ó wá lọ bá Thaddeus Ivory. Akẹgbẹ́ ni wọ́n, kíláàsì kan náà ni wọ́n ti jáde. Mọ́tò ńlá tó ń kó ẹja láti adágún lọ sí ilé-iṣẹ́ tí wọ́n ti ń ṣe ẹja ni Thaddeus ń wa báyìí. Cleotha bá a ní bèbè omi, ó wọ bàtà rọ́bà dé orúnkún.

"Mo wá kí o bú mi," ni Cleotha wí.

Thaddeus wò ó láti òkè délẹ̀. "Ṣé ọ̀fẹ́ lo fẹ́ kí n ṣe é? Ẹnu iṣẹ́ ni mo wà o."

"Kì í ṣe àwàdà. Èmi ni mo ti ilé-ìwé yẹn pa."

"Ìwọ? Ìwọ tí o ò lè ti ilẹ̀kùn ilé ìtọ̀ nígbà tí a wà ní kíláàsì keje, tí gbogbo ayé ń wò ẹ́? Àwọn òyìnbó ló tì í pa, Ọ̀jọ̀gbọ́n. Wọ́n ti ń ṣe é kí o tó mọ ikun ẹ fọn. Má gba iṣẹ́ oníṣẹ́."

Ó sọ ọ́ pẹ̀lú ẹ̀rín, ó sì fún Cleotha ní tíì tútù nínú ike rẹ̀. Cleotha kò mu ún. Ó wá sọ ohun tó gbé e wá gan-an. Ìgbìmọ̀ ilé-ìwé ti lọ bá adájọ́ pé àṣẹ ti ṣiṣẹ́, ìyapa ti tán, kí kóòtù gbójú kúrò lára àwọn, kí àwọn sì ta ilé Sykes fún oníṣòwò kan tó fẹ́ máa kó ajílẹ̀ sí i. Àwọn lọ́yà tiwa ní kí adájọ́ pàṣẹ kí wọ́n tún Sykes ṣí fún àwọn ọmọ ìsàlẹ̀ ojú irin. Adájọ́ kan náà ni. Ọ̀rọ̀ Cleotha ló fi dájọ́ lákọ̀ọ́kọ́, ó sì ti ní òun fẹ́ gbọ́ láti ẹnu rẹ̀ bóyá àtúnṣe náà ṣiṣẹ́. Bó bá ní ó ṣiṣẹ́, ilé-ìwé náà di ilé ajílẹ̀. Bó bá ní kò ṣiṣẹ́, ó ṣeé ṣe kí wọ́n ṣí i.

"Kí ló wá le níbẹ̀?" ni Thaddeus wí. "Lọ sọ ohun tí o rí."

Cleotha ṣàlàyé. Àwọn ìlú mìíràn wà tí ẹjọ́ ṣì ń lọ, níbi tó jẹ́ pé ọ̀rọ̀ rẹ̀ nìkan ni àwọn dúdú gbára lé. Lọ́jọ́ tó bá jẹ́wọ́ ní Harlow Bend pé òun ṣìnà, àwọn tí kò fẹ́ kí ọmọ wọn jókòó ti ọmọ wa yóò gbé ìjẹ́wọ́ náà káàkiri bí àsíá. Wọ́n á ní, ẹ gbọ́, dúdú gan-an ló sọ pé kí a wà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Ẹ̀rín kúrò lójú Thaddeus. Ó da tíì tó kù sílẹ̀. "Ẹ̀yin ọ̀mọ̀wé, ìlú mìíràn ló máa ń wà lọ́kàn yín. Nígbà tí ò ń sọ̀rọ̀ lọ́jọ́sí, ìlú mìíràn lò ń rò. Báyìí náà, ìlú mìíràn ni. Ìgbà wo ló máa kan Harlow Bend?"

Ó gun mọ́tò rẹ̀ lọ. Èébú kọ́ nìyẹn, àmọ́ òun ni Cleotha rí gbé lọ sílé.

Mo gbà gbọ́ pé Ọlọ́run ń gbọ́ àdúrà. Ohun tó ń dẹ́rù bà mí gan-an nìyẹn. Bí kò bá gbọ́ ni, à bá ti dá ara wa lẹ́bi, ká sùn. Cleotha kò gba ibẹ̀ yẹn rárá. Ó sọ fún mi pé nígbà tí adájọ́ béèrè ìbéèrè náà, àyè wà. Ìṣẹ́jú àáyá díẹ̀ ni, àmọ́ ó tó kí èèyàn bojú wẹ̀yìn wo ìjókòó kejì. Ó ní kò sí áńgẹ́lì tó di ọrùn òun mú pé kí òun má wẹ̀yìn. Iwájú ló dùn mọ́ òun.

Nígbà tó ku ọ̀la kí wọ́n pè é, ó lọ bá àǹtí rẹ̀. Fàráńdà ni obìnrin náà wà, ó ń pa ẹ̀wà tútù sínú abọ́, èèpo rẹ̀ ti pọ̀ lẹ́sẹ̀ rẹ̀. Cleotha jókòó sórí àtẹ̀gùn, òun náà bu ẹ̀wà sórí itan.

"Àǹtí, ọjọ́ tí adájọ́ bi mí ní ohun tí a máa pàdánù, ẹ gbọ́ ohun tí mo sọ?"

"Mo dití ni?"

"Ẹ ò sì bínú."

Ó ju èèpo kan sílẹ̀. "Ó wọ̀ mí níbí," ó sì fi ìka kan àyà. "Ṣùgbọ́n ojú lọ́yà òyìnbó yẹn ni mò ń wò, bó ṣe ń làágùn. Ọmọ tí mo fi ìdí ìkòkò wò ló ń mú un làágùn. Inú mi dùn, Cleo. Mo ti bẹ Ọlọ́run kó jẹ́ kí n rí ọjọ́ yẹn kí n tó kú, mo sì rí i. Mo rò ó pé ohun tó bá gbà ni kó gbà. Tí o bá ń wá ẹni tó jẹ̀bi, gòkè wá jókòó níbí, àga wà."

Cleotha ní kó má sọ bẹ́ẹ̀. Ó ní tòun ni, kí ó má ṣe bá òun pín in.

"Kí ló dé? Ìwọ nìkan ni wọ́n bí ní ilé yìí ni?" Ó gba abọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ó ṣa àwọn tí kò pa dáadáa kúrò. "Ọ̀rọ̀ tó dùn lo lọ sọ níbẹ̀ lọ́jọ́sí. Lọ́tẹ̀ yìí, lọ sọ èyí tí kò dùn. Ọlọ́run tó ni àwọn ìlú mìíràn mọ ọ̀nà ibẹ̀."

Ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun, bọ́ọ̀sì ìjọ méjì gbé wa lọ sí kóòtù. A wọ aṣọ funfun, àwọn ìyá ìjọ dé àkẹtẹ̀. Adájọ́ ti gbó sí i. Lọ́yà tí ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ pọ́n ṣì wà níbẹ̀. Àyípadà kan ṣoṣo tó bá wọn ni pé ìgbìmọ̀ ilé-ìwé ló ń retí kí Cleotha sọ pé iṣẹ́ òun dára.

Ó búra. Lọ́yà wa bi í bóyá àtúnṣe náà ṣiṣẹ́. Cleotha yí ojú sí adájọ́, ó sì sọ̀rọ̀ pẹ̀lú ohùn pẹ̀lẹ́. "Sà, ẹ bi mí nígbà yẹn ní ohun tí àwọn èèyàn mi máa pàdánù. Mo ní kò sí ohun tó ṣeé wọ̀n. Mi ò wọ̀n ọ́n ni. Mi ò bi ẹnikẹ́ni. Mo wo òrùlé, mi ò wo àwọn tó wà lábẹ́ rẹ̀."

Láti ẹ̀yìn, ẹnì kan ní, "Ùn-hùn."

Ó ń bá a lọ. Ó sọ̀rọ̀ àwọn ọmọ tó ń dúró lẹ́bàá kòtò nínú òkùnkùn. Ohùn rẹ̀ gé. Ìyá ìjọ kan ní, "Fara balẹ̀, ọmọ mi." Kò sí ohun tó burú lọ́kàn ìyá náà. A kò lè wo ọmọ wa kó máa rì, ká jókòó ká máa wò ó. Ẹlòmíràn ní, "Sọ ọ́." Thaddeus, tó wọ bàtà rọ́bà wá tààrà láti ibi iṣẹ́, ń kùn orin kan lábẹ́ ọ̀fun. Ọmọ Mount Nebo sì ni Cleotha. Bí a ti ń dáhùn ni ohùn rẹ̀ ń gòkè, tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ ń gùn, tó ń ní ìlù nínú. Ó ní, "Mo ti ilẹ̀kùn," a ní, "Olúwa." Ó ní, "Mo tì í pẹ̀lú ìwé," a ní, "Bẹ́ẹ̀ ni." Nígbà yẹn, omijé ti gba ojú rẹ̀, ara àwa náà sì ti gbóná. Kí Ọlọ́run dárí jì wá, ó dùn.

Adájọ́ lu òòlù rẹ̀ títí a fi dákẹ́. Lọ́yà ìgbìmọ̀ dìde, ó ní kí kóòtù wò ó, ọkùnrin yìí wá láàárọ̀ ọjọ́ kan ó sọ ohun tó fi borí, ìjọ rẹ̀ wá gbé e wá lónìí kó wá kọ orin mìíràn, ìwàásù ni àwọn ń gbọ́ yìí, kò ní ẹ̀rí nínú.

Cleotha ni adájọ́ kọjú sí. "Ọ̀jọ̀gbọ́n, èmi lẹ̀ ń bá sọ̀rọ̀ ni, àbí àwọn?"

Ìbéèrè kan ṣoṣo ló wà nínú ayé Cleotha tó yẹ kó dáhùn kíá, kò sì lè dáhùn rẹ̀.

Adájọ́ sún ẹjọ́ sí Ọjọ́bọ̀. Ó ní òun yóò tún gbọ́ ẹlẹ́rìí náà láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí ariwo lásán ni èyí tí òun gbọ́ lónìí. Bí ẹnikẹ́ni bá tún dá ohùn sí i, òun yóò lé gbogbo wa síta, òun yóò ti ilẹ̀kùn, òun nìkan ni yóò sì gbọ́.

Nínú bọ́ọ̀sì, inú àwọn èèyàn dùn. Wọ́n ní ọmọ náà jẹ́rìí lónìí, ó jẹ́rìí gan-an. Ẹnì kan tilẹ̀ ní kí a tún gba ààwẹ̀. Àǹtí Earnestine yọ àkẹtẹ̀ rẹ̀, ó gbé e sórí itan, ó sì ń wo adágún tó ń kọjá lójú fèrèsé títí a fi délé.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kejì, lẹ́yìn ìpàdé àdúrà, mo ń ti àwọn fèrèsé ìjọ nígbà tí Cleotha wọlé. Kò jókòó. Ó dúró létí ìjókòó iwájú lápá òsì, ó gbé ọwọ́ lé ibi tí mo máa ń jókòó sí. Mo rò pé ó wá kí n gbàdúrà fún un, mo ti ń wá ọ̀rọ̀ tí màá sọ, ó sì ń nira fún mi láti rí i.

Ó ní, "Díákónì, mo fẹ́ kí ẹ ṣe nǹkan kan fún mi. Ẹ̀yin lẹ máa ń kọ́kọ́ ṣàmín, kí ìjọ tó tẹ̀ lé e."

Mo ní òótọ́ ni.

"Tí wọ́n bá lé yín síta lọ́la, adájọ́ nìkan ló máa gbọ́ ọ, ẹ̀yin tí mo ṣẹ̀ ò ní gbọ́. Torí náà ẹ kó gbogbo wọn wá, Àǹtí mi àti Thaddeus pàápàá. Ẹ mú wọn jókòó síbi tí mo ti máa rí ojú wọn. Àmọ́ tí mo bá dé ibi tó dùn mí, tí ohùn mi gé, Díákónì, ẹ jọ̀ọ́, kí ẹnikẹ́ni má ràn mí lọ́wọ́. Ẹ jẹ́ kí n ṣubú. Ẹ bá mi di ẹnu wọn mú, kí ẹ sì kọ́kọ́ di ti yín."